Owó Ẹyọ Méjì Nínú Lọ́kà Fẹ̀hìntọlá

"Ta ló fi èyí sínú lọ́kà mi?"

Ohùn Fẹ̀hìntọlá ló gba kíláàsì kan ní òwúrọ̀ ọjọ́ Ajé. Ẹni tó ń jẹ àkàrà lábẹ́ tábìlì gbé e mì láìjẹ ẹ́ kúnná. Ẹni tó ń da iṣẹ́ àṣetiléwá ọ̀rẹ́ rẹ̀ kọ dá bírò dúró. Boaz, ọ̀gá àwọn aláròyé nílé ìwé náà ní Ìpẹ̀rú, ti fo bẹ́ǹṣì kọjá kí ẹnikẹ́ni tó dìde.

Owó ẹyọ méjì ni, tí ẹnì kan fi òwú dúdú sín pọ̀. Boaz fi ìka méjì gbé òwú náà sókè, bí ẹni tó mú òkú eku ní ìrù.

"Yé è! Ẹ wò ó o! Ẹ̀yìn ni wọ́n kọ síra! Fẹ̀hìntọlá, wọ́n ti pàrokò sí ọ!"

Bí kì í bá ṣe ẹ̀kọ́ Ọjọ́bọ̀ tó kọjá, bóyá wọn ì bá fi owó ẹyọ náà ta ayò. Ṣùgbọ́n Ìyáàfin Adétóun, olùkọ́ Yorùbá, ṣẹ̀ṣẹ̀ kọ́ wọn ní àrokò ni, lẹ́tà tí àwọn baba wọn ń kọ kí bírò tó dé Rẹ́mọ. Ó ní bí a bá di owó ẹyọ méjì ní ojú kojú, ìtumọ̀ rẹ̀ ni pé, "Mo fẹ́ rí ọ, jẹ́ ká ṣọ̀rẹ́." Bó bá jẹ́ ẹ̀yìn kẹ̀yìn ni wọ́n wà, "Ó ti parí láàárín wa, máa ṣọ́ ara rẹ." Kíláàsì náà gbàgbé gbogbo ohun tí wọ́n kọ́ nínú ìṣirò ní ọ̀sẹ̀ yẹn, àmọ́ kò sí ẹni tó gbàgbé èyí.

"Ta ló wà ní kíláàsì ní ọjọ́ Ẹtì nígbà tí gbogbo wa ń gé koríko ní pápá?" Boaz béèrè bí adájọ́.

Gbogbo ojú yí sí ẹ̀gbẹ́ fèrèsé. Hephzibah ló jókòó síbẹ̀, ọmọ olùkọ́ kan ní ilé ẹ̀kọ́ gíga ìjọ Àdífẹ́ntì ní Ìlíṣàn. Ní gbogbo ọjọ́ Ẹtì, ó máa ń tọrọ àyè láti tètè lọ sílé kí oòrùn tó wọ̀, nítorí pé ìgbà náà ni ọjọ́ ìsinmi wọn ń bẹ̀rẹ̀. Òun nìkan ló gba kíláàsì kọjá lọ́jọ́ náà. Sáà yẹn ló ṣẹ̀ṣẹ̀ dé ilé ìwé wọn, kì í sì í sọ̀rọ̀ púpọ̀. Ẹni tí kì í sọ̀rọ̀ ní kíláàsì tí Boaz wà, àwọn ènìyàn yóò bá a wá ohun tó ń rò.

Hephzibah rí i pé wọ́n ń wo òun. Ó rẹ́rìn-ín músẹ́ sí Fẹ̀hìntọlá.

Fẹ̀hìntọlá tètè gbójú kúrò. Ẹ̀rín wo lèyí?

Ohun tó wà nílẹ̀ kò kéré. Ní Ọjọ́bọ̀ tó ń bọ̀, àwọn ilé ìwé Rẹ́mọ máa pàdé ní Ṣàgámù fún ìdíje ọ̀rọ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Wọn yóò dárúkọ ọ̀rọ̀, ìwọ yóò sọ ìtumọ̀ rẹ̀ àti ibi tó ti wá. Ẹni tó bá borí, wọn yóò san owó ìdánwò àṣejáde rẹ̀. Fẹ̀hìntọlá ló ṣe ipò kìíní nílé ìwé wọn, Hephzibah ló tẹ̀ lé e, Boaz sì ṣe ipò kẹta, ìyẹn nítorí pé àwọn mẹ́ta péré ló wá. Obì ni ìyá Fẹ̀hìntọlá ń tà ní Ṣàgámù, kòkòrò sì ti wọ agbọ̀n obì rẹ̀ lọ́dún náà. Ìyá náà ti sọ ọ́ gbangba: "Ọmọ mi, bí o kò bá gbà á ní Ṣàgámù, ọ̀dọ̀ Àǹtí Wúlẹ̀mọ̀tù aránṣọ ní Ìbídó lo máa lọ o. Èmi kò ní nǹkan kan lọ́wọ́."

Ọ̀gbẹ́ni Oyèbọ̀dé, olùkọ́ Gẹ̀ẹ́sì, wọlé. Ó kọ ọ̀rọ̀ kan gàdàgbà sójú pátákó: "daunted".

"Ìtumọ̀?"

"Ẹni tí ẹ̀rù bà títí tó fi fà sẹ́yìn ni, sà," Fẹ̀hìntọlá dáhùn.

"O káre. Níbo ló ti wá?"

Ìwé atúmọ̀ èdè tó wà nílé ìwé náà kéré bí ìwé orin, kò sì sọ orírun ọ̀rọ̀ kankan.

Boaz nawọ́. "Sà, ó jọ 'down'. Ẹni tí wọ́n ti gbé ṣánlẹ̀ ni."

"Boaz, jókòó. Ọlọ́run má jẹ́ kó kàn ọ́."

Hephzibah nawọ́ díẹ̀, ó wo Fẹ̀hìntọlá, ó sì sọ ọwọ́ kalẹ̀.

Nígbà ìsinmi ráńpẹ́, ó wá bá a lábẹ́ igi máńgòrò. "Fẹ̀hìntọlá, gbà, kúlíkúlí rèé." Ó dín ohùn kù. "Ṣé o rí nǹkan inú lọ́kà rẹ? Mo ń retí èsì rẹ o." Kí Fẹ̀hìntọlá tó rí ẹnu là, agogo lù, ó sì sáré lọ.

Ẹ wò ó bí kúlíkúlí ṣe wúwo lọ́wọ́ ọmọ ènìyàn bí òkúta! Fẹ̀hìntọlá kò jẹ ẹ́. Ó rún un fún adìẹ ìyá olóúnjẹ, ó sì dúró kó rí bí yóò ṣe kú. Adìẹ náà kò kú. Ńṣe ló tẹ̀ lé e dé ẹnu ọ̀nà kíláàsì, tó ń béèrè òmíràn.

"Ìyẹn ò sọ nǹkan kan," ni Boaz wí. "Oògùn ènìyàn kì í mú adìẹ. Àbí òun kọ́ ló ní òun ń retí èsì? Bí ìwọ bá yẹ̀ lọ́nà, ta ló kàn? Lọ sọ fún màmá igbákejì ọ̀gá, kíá!"

Àwọn àgbà ní abèèrè kì í ṣìnà. Ìbéèrè kan ṣoṣo, "Hephzibah, kí lo ní lọ́kàn?" ì bá ti parí ọ̀rọ̀ náà lábẹ́ igi máńgòrò. Ṣùgbọ́n ẹ̀rù kì í jẹ́ ká béèrè ọ̀nà. Fẹ̀hìntọlá gba ọ́fíìsì igbákejì ọ̀gá lọ. Nígbà tó débẹ̀, òótọ́ tó kó lọ kéré jù lójú ara rẹ̀, ló bá fi irọ́ kún un:

"Mo tún gbọ́ tó ń sọ ọ́, mà. Ó ní n kò ní dé Ṣàgámù láàyè."

Wọ́n pe Hephzibah. Kò janpata. Ó ní òun ni òun fi owó ẹyọ náà síbẹ̀.

"Ṣùgbọ́n ojú kojú ni mo fi wọ́n sí, mà! Mo fẹ́ kí a ṣọ̀rẹ́ ni. Mo fẹ́ pè é wá sílé wa!"

Igbákejì ọ̀gá na ìka sí orí tábìlì. Owó ẹyọ méjèèjì sùn sílẹ̀ níbẹ̀, ẹ̀yìn kẹ̀yìn.

"Ṣé ojú mi fọ́ ni? Pípè wo nìyẹn? Kò sí ìdíje fún ọ. Bẹ̀rẹ̀ láti òní, ìwọ nìkan lo máa dá dúró sọ́tọ̀ lórí ìlà òwúrọ̀."

Agbẹ́jọ́ ẹnìkan dá, àgbà òṣìkà. Hephzibah kò sunkún. Ó kàn wo Fẹ̀hìntọlá bí ẹni tó ń ka ìwé tí kò yé e.

Ṣé ẹ rò pé ọkàn Fẹ̀hìntọlá balẹ̀? Rárá o! Ẹ̀rù tí a bá fi irọ́ bọ́, ńṣe ló ń sanra. Ní òwúrọ̀ Ọjọ́bọ̀, bọ́ọ̀sì tó ń lọ Ṣàgámù dúró lẹ́nu géètì. Ó gbé ẹsẹ̀ kan sókè, táyà sì mí "ṣíìì". Afẹ́fẹ́ díẹ̀ ni awakọ̀ tú jáde lára rẹ̀, àmọ́ létí Fẹ̀hìntọlá, ejò ni. Ó sọ ẹsẹ̀ kalẹ̀.

"Inú ń run mí, sà. N kò lè lọ."

Ọ̀gbẹ́ni Oyèbọ̀dé wo òkè, ó wo ilẹ̀, ó sì wo ẹni tó ṣẹ́ kù. Boaz ti wà nínú bọ́ọ̀sì, ó ti jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ fèrèsé.

Àwọn tó tẹ̀ lé wọn lọ ló ròyìn ohun tó ṣẹlẹ̀. Nínú gbogbo ọ̀rọ̀ tó wà láyé, "daunted" ni wọ́n fún Boaz. Ó gun orí ìtàgé, ó ta apá bí aṣojú ọba, ó ní: "Inú 'down' àti 'aunty' ló ti wá. Ẹni tí àǹtí rẹ̀ gbé ṣánlẹ̀ ni!" Wọ́n ní adájọ́ kan rẹ́rìn-ín títí tó fi yọ awò ojú rẹ̀ nu omi ojú. Ilé ìwé mìíràn ló gba ẹ̀bùn náà lọ.

Ní ọ̀sán ọjọ́ Ẹtì, igbákejì ọ̀gá na owó ẹyọ náà sí Fẹ̀hìntọlá. "Gbé e lọ sọ sí ṣáláńgá. Mi ò fẹ́ rí i lórí tábìlì mi mọ́."

Fẹ̀hìntọlá fi ìka méjì mú òwú náà ní ṣóńṣó, ó na apá síwájú kí nǹkan ọ̀hún lè jìnnà sí i. Bó ṣe dé ẹ̀yìn ilé ìdáná, afẹ́fẹ́ fẹ́ díẹ̀. Owó ẹyọ méjèèjì yí lórí òwú. Wọ́n kọjú síra.

Ó dúró.

Wọ́n tún yí. Wọ́n kẹ̀yìn síra. Ó fẹ́ èémí sí wọn: ojú. Ó fi ìka tì wọ́n: ẹ̀yìn. Ojú, ẹ̀yìn, ojú. Hephzibah gbọ́ ẹ̀kọ́ Ìyáàfin Adétóun, ṣùgbọ́n kò mọ̀ pé àwọn àgbà máa ń ta kókó sí owó ẹyọ kọ̀ọ̀kan kó má bàa yí. Ó kàn sín in bí ìlẹ̀kẹ̀ ni. Ó fi ojú kojú sílẹ̀ lóòótọ́. Boaz gbé e sókè, ó yí.

"Mo gbé," ni Fẹ̀hìntọlá wí.

Kò dé ṣáláńgá. Ọ̀kadà ló gùn, ó di Ìlíṣàn. Oòrùn ti ń pọ́n nígbà tó kan ilẹ̀kùn. Bàbá Hephzibah ló ṣí i.

"Ta nìyí?"

"Ẹ káalẹ́, sà. Fẹ̀hìntọlá ni, sà."

Ojú bàbá náà le. "Èyí tí wọ́n ní ọmọ mi fi oògùn halẹ̀ mọ́? Wọlé. Bí o bá rí oògùn kankan nílé yìí, fi hàn mí. Ó pẹ́ tí mo ti ń wá èyí tó máa lé eku kúrò nínú ìwé mi."

Hephzibah wà ní pálọ̀, ó ti wẹ̀, ó ti múra fún àdúrà ìrọ̀lẹ́. Fẹ̀hìntọlá kúnlẹ̀. Ó sọ gbogbo rẹ̀: òwú tó ń yí, irọ́ tó pa, bọ́ọ̀sì tí kò lè wọ̀.

"Kí ló dé tí o kò bi mí?" ni Hephzibah wí. "Mo ní mò ń retí èsì."

"Ẹ̀rù rẹ bà mí."

"Ẹ̀rù mi? Èmi tí ẹ̀rù gbogbo yín ń bà! Ṣé o rò pé ẹni tó láyà láti bá yín sọ̀rọ̀ máa fi owó ẹyọ ránṣẹ́?" Ó nàka sí ìwé atúmọ̀ èdè kan lórí tábìlì, ìwé tó nípọn bí ìrọ̀rí. "Èyí ni mo fẹ́ kí á jọ kà. Orírun gbogbo ọ̀rọ̀ wà nínú rẹ̀."

Fẹ̀hìntọlá nawọ́ sí i. Hephzibah gbé ọwọ́ lé e.

"Oòrùn ti wọ̀. A kì í ṣí i lọ́jọ́ ìsinmi. Padà wá lọ́jọ́ Àìkú."

Ó ní láti dúró, òun tí kò lè dúró béèrè ọ̀rọ̀ kan. Lọ́jọ́ Àìkú, ó mú obì tí kòkòrò kò jẹ lọ́wọ́ ìyá rẹ̀ wá bẹ̀ wọ́n. Wọ́n ṣí ìwé náà. Ọ̀rọ̀ ọ̀hún ti rin ìrìn àjò: èdè Látìn ló ti bẹ̀rẹ̀, ó gba inú èdè Faransé kọjá. Kí ó tó di ọ̀rọ̀ ẹni tí ẹ̀rù bà, ọ̀rọ̀ àwọn tó ń mú ẹranko rọ̀ ni, àwọn tó ń kó ìjánu sí ẹṣin tó le lẹ́nu títí yóò fi tẹrí ba.

Fẹ̀hìntọlá kà á lẹ́ẹ̀kan sí i. "Ta ló wá kó ìjánu sí èmi lẹ́nu?"

Hephzibah na ìka sí ọ̀rọ̀ náà lójú ìwé.

"Èmi náà ni," ni Fẹ̀hìntọlá dá ara rẹ̀ lóhùn. "Mo tún fẹ́ fi gùn ọ́."

Ní òwúrọ̀ ọjọ́ Ajé, ó jáde síwájú gbogbo ilé ìwé, ó sì jẹ́wọ́ irọ́ rẹ̀. Igbákejì ọ̀gá bẹ Hephzibah ní gbangba, ó sì fún Fẹ̀hìntọlá ní pápá láti gé títí sáà fi parí. Owó ìdánwò ti lọ, kò padà. Ní gbogbo ìrọ̀lẹ́ ló ń lọ rán aṣọ lọ́dọ̀ Àǹtí Wúlẹ̀mọ̀tù ní Ìbídó láti fi wá owó náà. Abẹ́rẹ́ gún un níka tó, àmọ́ ibẹ̀ ló ti mọ bí a ṣe ń ta kókó tí kì í tú.

Lọ́jọ́ kan, Hephzibah ṣí lọ́kà rẹ̀, ó rí owó ẹyọ méjì.

Boaz ti fo bẹ́ǹṣì. Ó gbé òwú náà sókè, ó la ẹnu gbàgà láti pariwo. Ó wò ó. Ó mì ín. Ó fẹ́ atẹ́gùn sí i. Kò yí.

"Ojú kojú ni," ó wí jẹ́jẹ́, ó sì lọ jókòó.

Ọ̀dọ́ tó ń kàwé yìí, bí ẹ̀rù ẹnì kan bá bà ọ́, bi í léèrè kí o tó fẹ̀sùn kàn án. Ìjánu tí ìfura bá fi sí ọ lẹ́nu, ọwọ́ ara rẹ ló ń dì í.