Bẹ́ǹṣì Tí Olúsànyà Gbé Síta

Ọ̀rẹ́ mi, ó ṣeé ṣe kí o mọ irú ọkùnrin tí mo fẹ́ sọ̀rọ̀ rẹ̀ yìí. Ó tiẹ̀ lè jẹ́ ìwọ gan-an ni.

Ní nǹkan bí ọdún 1981, Olúsànyà ni akọ̀wé àgbà ní ọ́fíìsì ìjọba kan ní Ṣágámù. Ó ń lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì, ó ní ìjókòó tirẹ̀ níwájú, ṣùgbọ́n bí o bá fi àtùpà wá àánú nínú ọkàn rẹ̀, o ò ní rí i.

Òfin ìjọba ni pé bí wọ́n bá dá òṣìṣẹ́ dúró nítorí ẹ̀sùn, tí ìwádìí ò tíì parí, kí wọ́n ṣì máa san àbọ̀ owó oṣù fún un, nítorí a kì í pe ènìyàn lólè kí ẹjọ́ tó parí. Olúsànyà mọ òfin yìí bí ẹní mowó. Ó wá fi ìkà tirẹ̀ lé e. Ó gbé bẹ́ǹṣì kan síwájú ọ́fíìsì, létí ọ̀nà ọjà, ó ní ẹni tí wọ́n bá dá dúró gbọ́dọ̀ wá jókòó síbẹ̀ láti àárọ̀ títí wọn ó fi ṣíwọ́. Ẹni tó bá pa ọjọ́ kan jẹ kò ní gba kọ́bọ̀ mọ́. Àwọn tó ń lọ sọ́jà á máa wò wọ́n, wọ́n á máa pòṣé.

Nígbà tí sìmẹ́ńtì ìjọba sọnù, Lásúnkànmí tó ń tọ́jú ilé ìkẹ́rùsí ni wọ́n dá dúró. Ó ń jókòó sórí bẹ́ǹṣì náà títí bàbá rẹ̀ fi kú ní Likosi, tó sì lọ sin ín. Olúsànyà ní ó ti sá lọ, ó pàṣẹ fún akápò pé kó má san nǹkan kan fún un mọ́.

Adérónkẹ́, ìyàwó Lásúnkànmí, pọn ọmọ láti àdúgbò Mákun tí wọ́n ń gbé, ó wá bẹ̀ ẹ́. "Ẹ jọ̀ọ́, sà. Ta ni kì í sin bàbá ẹ̀?"

"Jésù tí ẹ ń kọrin ẹ̀ kiri Mákun, ẹ ní kó san án fún yín," ni Olúsànyà wí, ó sì ní kí wọ́n lé e jáde.

Ìwádìí parí, wọ́n rí i pé Lásúnkànmí ò jalè. Ó padà sẹ́nu iṣẹ́ rẹ̀. Olúsànyà ò tiẹ̀ kí i ní pẹ̀lẹ́.

Àgbà ní ẹni tó ń gbẹ́ kòtò ìkà, kó má gbẹ́ ẹ jìn. Kò pẹ́ tí ẹ̀sùn fi kan Olúsànyà náà: wọ́n ní ó gbé iṣẹ́ títì fún àna rẹ̀. Wọ́n dá a dúró. Akínbọ́lá tó bọ́ sípò rẹ̀ wí fún un lójú gbogbo òṣìṣẹ́ pé, "Ẹ̀gbọ́n, ìlànà yín la ń tẹ̀ lé. Bẹ́ǹṣì wà níta."

Ó jókòó. Ó ń ṣépè fún Akínbọ́lá, ó ń ṣépè fún ìjọba, ó sì ń bá Ọlọ́run pàápàá jà. Àwọn tó ń dọ̀bálẹ̀ fún un lánàá ń gba ẹ̀yìnkùlé wọlé kí wọ́n má bàa kí i.

Níbẹ̀ ni wọ́n ti ránṣẹ́ sí i láti Ìkẹ́nnẹ́ pé ara ìyá rẹ̀ ò yá, ó sì ń béèrè rẹ̀. Bó bá dìde, àbọ̀ owó tó fi ń jẹun ti lọ nìyẹn. Kò dìde. Ìyá náà kú láìfojú kan ọmọ rẹ̀.

Ọ̀sán ọjọ́ tí ìròyìn ikú dé ni Lásúnkànmí jáde wá, ó jókòó tì í lórí bẹ́ǹṣì, ó sì gbé àwo ìkọ́kọrẹ́ sáàárín wọn.

"Ṣé o wá fi mí ṣe yẹ̀yẹ́ ni?" ni Olúsànyà bi í.

"N ò ní purọ́ fún yín, sà. Mo kórìíra yín. Ìgbà tí ẹ jókòó síbí, inú mi dùn. Ṣùgbọ́n Jésù ò jẹ́ n gbádùn ẹ̀. Ó rán mi létí pé ẹ̀ṣẹ̀ tèmi náà ló kan òun mọ́ igi, òun sì dárí jì mí. Ẹ jẹun, sà. Adérónkẹ́ ló sè é."

Orúkọ obìnrin yẹn ló ṣẹ́gun rẹ̀. Akọ̀wé àgbà sunkún lójú ọ̀nà ọjà.

"Mo mọ òfin, mo sì fi ń pa ènìyàn. Ó ti wá pa mí báyìí. Ṣé Ọlọ́run lè gba irú mi?"

"Ó gba irú tèmi, sà."

Wọ́n gbàdúrà níbẹ̀. Olúsànyà jẹ́wọ́ ìkà rẹ̀ fún Jésù láìfi ọ̀kan pamọ́. Lẹ́yìn náà ó dìde lórí bẹ́ǹṣì, ó jẹ́ kí owó lọ, ó lọ sin ìyá rẹ̀. Nígbà tó dé, ó lọ sí Mákun, ó dọ̀bálẹ̀ gbalaja níwájú Adérónkẹ́. Níwájú ìgbìmọ̀ ìwádìí, ẹ̀sùn iṣẹ́ títì kò múlẹ̀, ṣùgbọ́n òun fúnra rẹ̀ sọ ohun tó ṣe sí Lásúnkànmí, ohun tí ẹnikẹ́ni ò bi í. Wọ́n rẹ ipò rẹ̀ sílẹ̀. Ó ní òun fara mọ́ ọn, kí wọ́n ṣáà bá òun fi bẹ́ǹṣì yẹn dáná.

Ìwọ tó ń ka ìwé yìí, má wo Olúsànyà mọ́. Ta ni ìwọ náà gbé bẹ́ǹṣì fún? Ìyàwó rẹ ni, àbí ọmọọṣẹ́ rẹ? Ẹ̀sùn rẹ wà níwájú Ọlọ́run, o ò sì ní àwíjàre kankan. Ìjọba a máa san àbọ̀ fún ẹni tí ẹjọ́ rẹ̀ ò tíì parí. Ẹ̀ṣẹ̀ kì í san àbọ̀. Odindi ló ń san, ikú sì ni. Jésù ti gba owó ọ̀yà burúkú yẹn nítorí rẹ. Sá tọ̀ ọ́ wá lónìí. Ìyá Olúsànyà ò lè dúró de ọmọ rẹ̀, ọjọ́ ikú rẹ náà ò sì ní dúró dè ọ́.