Obìnrin Tó Dọ̀bálẹ̀

Ẹ̀yìn rẹ̀ ni Reuben kọ́kọ́ rí. Ọkùnrin kan wà lórí pèpéle nínú gbọ̀ngàn ìjọ kan ní Apápá, ó wọ agbádá aláwọ̀ aró, ó dé fìlà, ó sì ń gbìyànjú láti sọ̀kalẹ̀ lórí àtẹ̀gùn. Agbádá ń wọ́ nílẹ̀. Ó tẹ etí aṣọ náà mọ́lẹ̀, ó ta gẹ̀ẹ́, ó sáré di ògiri mú.

"Ẹ̀gbọ́n, ẹ ká agbádá sí èjìká o, kẹ́ ẹ má baà forí sọlẹ̀!" Reuben ló kígbe bẹ́ẹ̀ láti ẹnu ọ̀nà, nítorí ọmọ Ajégúnlẹ̀ kì í dákẹ́ sí ọ̀ràn tí ò kàn án.

Ẹ̀gbọ́n yíjú padà. Obìnrin ni. Apọ́nbéporé ni, ẹyinjú rẹ̀ tóbi, wọ́n sì ti fi tìróò kun irùngbọ̀n tín-ín-rín sí i lágbọ̀n.

"Ẹ ṣé, bọ̀ọ̀dá," ló wí. "Ṣùgbọ́n báwo ni wọ́n ṣe ń ká a?"

Ohùn yẹn ló mú Reuben. Kò tín-ín-rín, kì í sì í ṣe ohùn ọkùnrin. Ó ki, ó sì gbóná bí ògì àárọ̀. Tapólì tí wọ́n fi ń bo ẹrù tírélà ni Reuben gbé wá, torí òjò ń jò wọ gbọ̀ngàn náà, wọ́n sì ní kó wá so ó mọ́ òrùlé. Ó dúró síbẹ̀ tòun ti ẹrù léjìká títí èjìká fi bẹ̀rẹ̀ sí í dùn ún.

Josephine Sàlàkọ́ ni orúkọ obìnrin náà. Ìlú Leeds, nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ni wọ́n bí i sí. Bàbá rẹ̀ ará Ìsẹ́yìn, ìyá rẹ̀ òyìnbó pọ́nńbélé. Bàbá náà kò jẹ́ kí èdè ṣègbé mọ́ ọmọ rẹ̀ lẹ́nu, nítorí náà Yorùbá Josephine dá ṣáká, àfi pé ó ń sọ ọ́ bí ẹni tó ń ka ìkéde níwájú ìjọ. Ti àṣà ni bàbá ò ráyè kọ́ ọ.

Iṣẹ́ orin ló ń ṣe. Kì í ṣe orin rédíò, kì í sì í ṣe ti òde àríyá. Ọ́pẹ́rà ni, eré orí ìtàgé tí wọ́n ti ń fi orin sọ gbogbo ọ̀rọ̀. Kódà "ẹ fún mi lómi" ibẹ̀, orin ni. Àwọn olóhùn òkè, tí à ń pè ní sopránò, ni wọ́n máa ń di arẹwà tí gbogbo ayé ń dù. Ohùn àárín ni ti Josephine, mẹ́sò ni wọ́n ń pè é. Àwọn mẹ́sò ló ń ṣe ìyá, àjẹ́, ìránṣẹ́bìnrin, wọ́n sì tún ń ṣe ọ̀dọ́mọkùnrin, torí àwọn òyìnbó tó kọ eré wọ̀nyẹn láyé àtijọ́ gbà pé ohùn àárín ti obìnrin ló bá ọmọkùnrin tí irùngbọ̀n rẹ̀ ò tíì kún mu. Bí Josephine ṣe di ẹni tó ń wọ ṣòkòtò jẹun nìyẹn.

Àárín agbo akọrin ló ti bẹ̀rẹ̀, níbi tí ojú ẹnikẹ́ni ò ti mọ̀ ọ́n. Ó di ìránṣẹ́ tó ń gbé tíì wọlé, tó ń kọ ìlà orin kan ṣoṣo, tó sì ń jáde. Ó di àjẹ́. Ó di ọmọ ọba. Bí Kérésì àti Àjíǹde bá dé, àwọn ìjọ àti gbọ̀ngàn ńláńlá á pè é kó wá dúró níwájú ẹgbẹ́ akọrin nínú aṣọ dúdú, kó kọ orin mímọ́, láìṣe eré kankan. Ọdún mẹ́wàá ó lé ló ti ń bá a bọ̀.

Azubuike ló pè é wá sí Apápá. Ọmọ Íbò tí wọ́n bí sí Ajégúnlẹ̀ ni Azubuike, ilé ẹ̀kọ́ orin kan náà lòun àti Josephine jọ lọ nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Ó ti kọ ọ́pẹ́rà tuntun lédè Yorùbá, nípa ọmọ ọba kan tó fẹ́ ọmọ apẹja. Josephine ni ọmọ ọba.

"Bros, abeg, wait first," Azubuike wí fún Reuben. "Bá wa kọ́ ọmọ ọba wa bí ọkùnrin ṣe ń rìn nínú agbádá. Èmi alára ò mọ̀ ọ́n wọ̀."

Reuben ní òun á so tapólì tán ná kóun tó máa lọ. Ó so ó tán. Kò lọ.

Láti ìgbà náà, bó bá ti kúrò ní ṣọ́ọ̀bù ìyá rẹ̀ ní Liverpool Road nírọ̀lẹ́, gbọ̀ngàn ló ń gbà lọ. Ó kọ́ Josephine bí wọ́n ṣe ń fa ọwọ́ agbádá sókè láìwò ó. Ó kọ́ ọ bí ọkùnrin ṣe ń jókòó. Èyí tó gba àkókò jù ni ìdọ̀bálẹ̀, torí nínú eré náà ọmọ ọba gbọ́dọ̀ nà gbalaja níwájú bàbá ìyàwó, kó sì máa kọrin níbẹ̀.

"Àyà ni kó kanlẹ̀," Reuben á wí. "Ìwọ ṣì ń kúnlẹ̀."

"Ṣé báyìí lo ṣe máa dọ̀bálẹ̀ fún bàbá tèmi?" Josephine bi í lọ́jọ́ kan, ó ṣì nà sílẹ̀.

"Ní Leeds? Ilẹ̀ ibẹ̀ tutù jù. Màá kọ́kọ́ tẹ́ tapólì."

Josephine rẹ́rìn-ín títí omijé fi fọ irùngbọ̀n rẹ̀ dànù. Oghenetega, olóhùn òkè tó ń ṣe ọmọ apẹja, pòṣé. "See me see wahala! Prince, na me you suppose marry for this play o, no be tapólì man."

Wọ́n ń jẹ àgbàdo sísun lẹ́bàá ọ̀nà, tírélà ń kọjá, nígbà tí Reuben sọ ọ́. "Mo nífẹ̀ẹ́ rẹ. Mi ò mọ bí wọ́n ṣe ń fi ọ̀rọ̀ dárà."

"Má fi dárà," Josephine dáhùn. "Èmi náà nífẹ̀ẹ́ rẹ." Inú Reuben dùn débi pé ó jẹ kùkù àgbàdo mọ́ ọn.

Ó kù kí Josephine rí ìyá. Ìyá Reuben kì í ṣe obìnrin tí èèyàn ń fojú di. Opó ni, Reuben nìkan ló bí, òun ló sì ń ta tapólì àti okùn fún gbogbo awakọ̀ tírélà agbègbè náà. Wọ́n ń pè é ní Màmá Tapólì. Àwọn ọkùnrin tí ọlọ́pàá ò lè dá dúró, bó bá sọ pé kí wọ́n tò, wọ́n á tò.

Nínú kẹ̀kẹ́ tó gbé wọn lọ sí Ajégúnlẹ̀ ní ọjọ́ Ìsinmi, Josephine ń sọ ọ́ kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́ fún ara rẹ̀: kúnlẹ̀, kúnlẹ̀, kúnlẹ̀. Ó wọ síkẹ́ẹ̀tì, ó dirun. Ṣùgbọ́n ara kì í gbọ́ ìkìlọ̀ nígbà tí ẹ̀rù bá bà á, ohun tí wọ́n ti kọ́ ọ ló ń ṣe. Bó ṣe wọlé tó rí àgbàlagbà lórí àga, "Ẹ káàsán, mà" jáde lẹ́nu rẹ̀, ó sì nà gbalaja. Àyà kan sìmẹ́ńtì. Ká sọ òtítọ́, ìdọ̀bálẹ̀ náà dára gan-an.

Ìyá Reuben wò ó láti orí dé ẹsẹ̀.

"Reuben," ìyá rẹ̀ wí jẹ́jẹ́, "ta lo mú wá fún mi? Ìyàwó ni àbí ọkọ?"

Josephine fò dìde, ó kúnlẹ̀, ó tún dìde, ó tún kúnlẹ̀. "Ẹ má bínú, mà. Ọkùnrin ni mo máa ń ṣe, mà."

"O máa ń ṣe kí ni?"

Ìgbà tí ó fi máa ṣàlàyé tán, ọ̀rọ̀ ti bàjẹ́ ju bó ṣe wà lọ. Ohun tí Ìyá Reuben gbọ́ ni pé obìnrin yìí ń wọ ṣòkòtò níwájú èrò, ó ń fẹnu ko ọmọbìnrin lẹ́nu nínú eré, ó sì ń ti ìlú kan bọ́ sí òmíràn. Lórí gbogbo rẹ̀, ó gbà pé ó wá fi òun ṣe yẹ̀yẹ́ nínú ilé òun.

"O lè jẹ́ ọmọ dáadáa," ló wí níkẹyìn. "Ṣùgbọ́n tó o bá máa fẹ́ ọmọ mi, wàá fi iṣẹ́ yẹn sílẹ̀."

"Màmá, ẹ má sọ bẹ́ẹ̀," Reuben bẹ̀ ẹ́.

"Mo ti sọ ọ́."

Lójú títì, Josephine dúró. Ojú rẹ̀ pọ́n, ṣùgbọ́n kò sunkún. "Mi ò lè fi í sílẹ̀, Reuben. Mi ò sì ní jẹ́ kó o bá ìyá rẹ jà nítorí mi. Bí eré bá parí, màá padà sílé. Má wá sí gbọ̀ngàn mọ́, jọ̀ọ́. Bí mo bá ń rí ẹ, mi ò ní lè kọrin."

Reuben ò lọ mọ́. Ṣùgbọ́n ó ń gé tapólì wọ́gọwọ̀gọ, ó ń dá oúnjẹ padà, ìyá rẹ̀ sì ń wò ó. Lọ́sàn-án ọjọ́ kan ó fi ọ̀bẹ sílẹ̀ lórí tábìlì.

"Màmá, mi ò ní fẹ́ ẹlòmíì. Mi ò sì ní sọ fún un láé pé kó fi iṣẹ́ rẹ̀ sílẹ̀. Tó bá lọ, ó lọ náà nìyẹn."

Ìyá rẹ̀ wé gèlè, ó ní kó dúró ti ọjà, ó kọjá láàárín àwọn tírélà, ó lọ fojú ara rẹ̀ rí ohun tó fẹ́ pa á lọ́mọ.

Ẹ̀yìn pátápátá ló jókòó sí nínú gbọ̀ngàn. Lórí pèpéle, Josephine ń dọ̀bálẹ̀. Ó nà sílẹ̀, ó kọrin, Azubuike dá dùùrù dúró. "Again! Ohùn ń kú bí àyà rẹ bá ti kanlẹ̀." Ó dìde, ó gbọn eruku, ó tún nà sílẹ̀. Ìgbọ̀nwọ́ rẹ̀ ti bó. Azubuike tún ní kò tíì dára. Ó tún dìde. Kò ráhùn, kò wojú ẹnikẹ́ni, títí ohùn náà fi jáde láti ilẹ̀ kedere, tó kún gbogbo gbọ̀ngàn.

Ìgbà náà ló yé ìyá. Obìnrin yìí ò fi òun ṣe yẹ̀yẹ́ rárá. Iṣẹ́ ló ti wọ̀ ọ́ lára. Ẹ̀rín bú jáde lẹ́nu rẹ̀, ẹ̀rín ńlá, gbogbo wọn sì yíjú.

Josephine sọ̀kalẹ̀ wá. Lọ́tẹ̀ yìí, ó rọra fi orúnkún méjèèjì kanlẹ̀.

"Dìde," Ìyá Reuben wí. "Ṣé bó o ṣe ń ṣe é lójoojúmọ́ nìyẹn?"

"Bẹ́ẹ̀ ni, mà."

"Tí ò bá wá dára ńkọ́?"

"Màá tún un ṣe, mà." Josephine mí kanlẹ̀. "Mà, mi ò fẹ́ parọ́ fún yín. Mo nífẹ̀ẹ́ Reuben gan-an, ọkàn mi ò balẹ̀ látọjọ́ tí mi ò ti rí i. Ṣùgbọ́n tí mo bá fi orin sílẹ̀, ẹni tó máa wọlé yín kì í ṣe èmi mọ́."

Ìyá Reuben wo ọwọ́ ara rẹ̀ tí okùn ti sọ di líle.

"Nígbà tí bàbá Reuben kú," ló wí, "ọmọ ṣì wà lẹ́yìn mi. Àwọn ẹbí ọkọ ní iṣẹ́ ọkùnrin ni tapólì, pé opó kan ò lè máa bá awakọ̀ jiyàn ní Liverpool Road. Wọ́n ní kí n ta ṣọ́ọ̀bù, kí n wá jókòó. Ìyá ọkọ mi ló le jù."

"Kí lẹ sọ fún wọn, mà?"

"Mi ò sọ nǹkan kan. Mo ṣí ṣọ́ọ̀bù lọ́jọ́ kejì." Ó mi orí. "Mo sì bá obìnrin yẹn yodì títí ó fi kú. Àṣé èmi náà ti ń di òun díẹ̀díẹ̀." Ó nawọ́, ó gbọn eruku kúrò léjìká Josephine, ó sì jáde.

Ní ṣọ́ọ̀bù, ó bá Reuben tó dorí kodò. "Kí lò ń ṣe níbí? Ó ti rẹ ọmọ yẹn, kò sì sẹ́ni tó máa bu omi fún un. Lọ!"

Reuben sáré láàárín àwọn tírélà, awakọ̀ kan bú u, kò gbọ́. Ó bá Josephine lórí àtẹ̀gùn gbọ̀ngàn.

"Màmá ní kí n wá bu omi fún ẹ."

"Omi nìkan?"

"Mo mú ara mi mọ́ ọn. Jọ̀ọ́, fẹ́ mi."

Josephine di ọwọ́ rẹ̀ mú. "Gbọ́ ná, olólùfẹ́ mi. Mi ò ní sí nílé ní Kérésì. Mi ò ní sí nílé ní Àjíǹde. Ìgbà tí gbogbo èèyàn bá ń kóra jọ, ìgbà yẹn gan-an ni wọ́n ń wá mi."

"A ó máa ṣe Kérésì tiwa ní January."

"Ṣé ó dá ẹ lójú?"

"Adìẹ wo ló máa sọ pé òun ò ní kú ní January?"

Josephine rẹ́rìn-ín, ó gbé orí lé e láyà, ó ní òun gbà.

Eré náà dára, èrò kún un, Ìyá Reuben jókòó níwájú. Oṣù kẹjọ ọdún tó tẹ̀ lé e ni wọ́n ṣègbéyàwó, torí ìgbà náà làwọn ilé ọ́pẹ́rà máa ń ti ilẹ̀kùn. Òjò rọ̀ láti àárọ̀. Bàbá àti ìyá Josephine wá láti Leeds, Azubuike tẹ dùùrù, Oghenetega kọrin, ó sì sunkún ju ìyàwó lọ.

Nígbà tó di Kérésì, Josephine ti lọ kọrin. Lẹ́yìn ìsìn, àwọn ìyá ìjọ dúró lábẹ́ ibòòji, olúkúlùkù pẹ̀lú ìyàwó ọmọ tirẹ̀ tó gbé kúlà oúnjẹ dání. Ọ̀kan nínú wọn, Màmá Uchenna, wo ọ̀tún, ó wo òsì.

"Màmá Reuben, ìyàwó tiyín dà? Kérésì mà nìyí."

Ìyá Reuben tún gèlè rẹ̀ ṣe.

"Ó wà lẹ́nu iṣẹ́," ló dáhùn, ó sì na ọwọ́ sí ẹni tó kàn láti kí i kú ọdún.