Kásẹ́ẹ̀tì Fídíò Kì Í Ṣe Èlùbọ́

Lójú Màmá Eunice, kò sí ohun tó bu tí oòrùn ò lè wò sàn. Bí èlùbọ́ bá bu, àpáta ẹ̀yìn ilé ni. Bí ìwé orin ṣọ́ọ̀ṣì bá bu, àpáta náà ni. Bí ìyá rẹ̀ ṣe ń ṣe é ní Òmù-Àrán nìyẹn, ta ni yóò wá kọ́ ọ ní òmíràn?

Lọ́dún 2004, nígbà tí Àjíǹde ku ọ̀sẹ̀ kan, ọmọ rẹ̀ Ọláṣẹ́gun pè é láti Èkó. Ó ní òun rí àwọn kan lórí Íńtánẹ́ẹ̀tì tó ń kó àwọn kàtúùnù àtijọ́ tí àwọn ará Jàpáànù ṣe fún tẹlifíṣọ̀n pa mọ́, kí wọ́n má bàa parun. Eré kan tí òun fẹ́ràn ní kékeré wà níbẹ̀, eré ọmọbìnrin apẹja tó ń wá ọkọ̀ ojú omi tó gbé ẹ̀gbọ́n rẹ̀ lọ. Apá tó gbẹ̀yìn nìkan ni wọn ò rí. Bẹ́ẹ̀, apá ọ̀hún wà nínú àpótí lábẹ́ ibùsùn Màmá.

Màmá mọ bí eré náà ṣe jẹ́ fún ọmọ yìí. Ẹsẹ̀ ọ̀tún Ṣẹ́gun rọ láti kékeré, kò lè bá ẹgbẹ́ rẹ̀ gbá bọ́ọ̀lù. Kàtúùnù yẹn ló ń mú àwọn ọmọ àdúgbò wá jókòó tì í. Nígbà tí owó epo rọ̀bì ìjọba ṣì ń dé ọwọ́ àwọn tíṣà, bàbá rẹ̀, Tíṣà Jòhánù, ti ra ẹ̀rọ fídíò, òun ló sì gba eré náà sínú kásẹ́ẹ̀tì mẹ́jọ. Nígbà tó yá, ìlú le. Wọ́n ta ẹ̀rọ náà, wọ́n ta fíríìjì, ṣùgbọ́n Tíṣà ò jẹ́ kí ẹnikẹ́ni fọwọ́ kan kásẹ́ẹ̀tì títí tó fi kú.

Ṣẹ́gun ní kí Màmá má ṣe wàhálà kankan. Ràfátù, ọmọbìnrin ará ìlú Ṣàrẹ́ tó ní ṣọ́ọ̀bù kọ̀ǹpútà nítòsí ọjà, yóò wá gba àwọn kásẹ́ẹ̀tì náà lọ́jọ́rú, kó lè dà wọ́n sínú kọ̀ǹpútà. Ṣùgbọ́n ṣé ọmọlúàbí ń gbé ohun tó bu lé àlejò lọ́wọ́? Láàárọ̀ ọjọ́rú, Màmá ṣí àpótí, ó rí i pé mẹ́ta ti bu funfun. Ó tẹ́ àpò sórí àpáta, ó to mẹ́tẹ̀ẹ̀ta sẹ́gbẹ̀ẹ́ èlùbọ́, ó bá tirẹ̀ lọ sí ilé ìdáná. Oòrùn oṣù kẹrin sì rèé, ẹ̀yin náà mọ̀ ọ́n.

Ọ̀sán ti pọ́n kí Ràfátù tó dé. Ó kúnlẹ̀ kí Màmá, ó béèrè kásẹ́ẹ̀tì. Tayọ̀tayọ̀ ni Màmá fi mú un lọ sẹ́yìn ilé. Ọmọbìnrin náà sáré kó wọn kúrò lójú oòrùn. Ọ̀kan ti ká kò.

"Màmá, ta ló sá wọn síbí?"

"Èmi ni. Wọ́n bu ni, n ò fẹ́ kó o gbé ìdọ̀tí lọ."

Ràfátù rọra dá a lóhùn. "Ẹ ò mọ̀ọ́mọ̀, Mà. Ike ni ara rẹ̀, ike náà sì ni okùn pẹlẹbẹ inú rẹ̀ tí àwòrán wà lára rẹ̀. Oòrùn máa ń mú un ká kò, á sì ba àwòrán jẹ́. Ibi ibòji tí afẹ́fẹ́ ti ń fẹ́ la máa ń fi í sí. A kì í sì í ti èyí tó bu bọ ẹ̀rọ láìtọ́jú rẹ̀, torí yóò ran èyí tó kù."

Màmá wo ara èyí tó ká kò. Ọwọ́ ọkọ rẹ̀ ló kọ ọ́ síbẹ̀: Ìparí.

Nígbà tí Ṣẹ́gun ti Èkó dé lọ́jọ́ Ẹtì, Màmá ti jẹ́wọ́ fún un kó tó gbé báàgì sílẹ̀. Ṣẹ́gun ò bínú. Ó ní omi ló dànù, agbè ò fọ́. Lọ́jọ́ kejì, wọ́n jọ lọ sí ṣọ́ọ̀bù. Ràfátù ti yọ okùn náà kúrò nínú ike tó ká, ó ti nù ún mọ́, ó sì ti fi í sínú òmíràn. Wọ́n ń wò ó. Ọmọbìnrin apẹja rí ọkọ̀ náà lókèèrè, ó ń tukọ̀ lọ bá a. Àwòrán bá gbọ̀n, ó fọ́, ó di funfun. Ràfátù ní ibi tí oòrùn bà jẹ́ nìyẹn, kò sí àtúnṣe.

Ṣẹ́gun yíjú sí ìyá rẹ̀. "Mo máa ń sọ pé ó bá ẹ̀gbọ́n rẹ̀. Bùkárì tá a jọ máa ń wò ó ní kò bá a. Màmá, báwo ló ṣe parí?"

Màmá dáhùn. "Ilé ìdáná ni mo máa ń wà, ọmọ mi. Ẹ̀rín yín ni mo máa ń gbọ́. Mo kàn mọ̀ pé lọ́jọ́ yẹn, gbogbo yín dákẹ́."

Ìdajì yẹn ni Ràfátù fi ránṣẹ́ sórí Íńtánẹ́ẹ̀tì. Àwọn tó ń pa eré mọ́ gbà á tọwọ́tẹsẹ̀, wọ́n sì kọ ọ́ síbẹ̀ pé àwọn ṣì ń wá èyí tó kù.

Ẹ̀yin ará, ẹ wo abẹ́ ibùsùn yín. Bí ẹ bá rí kásẹ́ẹ̀tì àtijọ́, ẹ má sá a sóòrùn, ẹ má sì gba fídíò òkú ṣíṣe tàbí ti ìgbéyàwó lé e lórí. Ẹ gbé e fún ẹni tó mọṣẹ́ kó dà á sínú kọ̀ǹpútà, kí ẹ̀dà rẹ̀ wà níbi méjì, mẹ́ta. Ẹ sì bi àwọn tó ń tọ́jú eré àtijọ́ lórí Íńtánẹ́ẹ̀tì bóyá wọ́n ń wá a. Ẹni tó ṣe eré ló ṣì ni ín o, ìtọ́jú là ń wí, kì í ṣe títà.

Màmá Eunice ò ṣe é níkà. Kò sẹ́ni tó sọ fún un ni. Ẹ̀yin, a ti sọ fún yín.