Ìyá Àgbà Ṣe Àjẹ́ Nínú Fíìmù

"Ìyá, ojú àjẹ́ ni mo ní kí ẹ ṣe, ẹ̀rín lẹ ń rín!"

Ohùn Dírẹ́tọ̀ Akínkúnmi ti há. Láti àárọ̀ ló ti ń bẹ Ìyá Àgbà lẹ́yìnkùlé ilé wọn ní Odò-Orò, n'Ìkọ̀lé, kí ìyá ṣe bí ẹni tó fẹ́ pa ọmọ jẹ. Ìyá Àgbà ò kúkú mọ̀ ọ́n ṣe. Bí wọ́n bá ti tan kámẹ́rà báyìí, ẹ̀rín a gbé e, ìwọ̀nba eyín tó kù lẹ́nu rẹ̀ a yọ síta bí àlejò tó gbóòórùn ọbẹ̀.

"Ẹ jọ̀ọ́, Ìyá Àgbà, nítorí tèmi," ni Adédoyin ń bẹ̀ ẹ́.

Òun ló mú ìyá bàbá rẹ̀ wá fún wọn. Àwọn onífíìmù náà, tí wọ́n ti Ìbàdàn wá, ti ṣèlérí pé bó bá lè bá àwọn wá arúgbó tí yóò ṣe àjẹ́, àwọn yóò fi òun náà sínú fíìmù. Adédoyin, tó máa ń bá dígí sọ̀rọ̀ bí òṣèré kó tó lọ sílé ìwé, ò rò ó lẹ́ẹ̀mejì.

"Èé ṣe tó fi jẹ́ pé arúgbó ló ń ṣe àjẹ́ ṣáá?" Ìyá Àgbà béèrè. "Èmi Christiana, tí mo ti ń kọrin ní ṣọ́ọ̀ṣì kí wọ́n tó bí ọ? Uṣẹ́ epo ni mo mọ̀."

Dírẹ́tọ̀ rẹ́rìn-ín. "Ìyá, ohun táwọn èèyàn fẹ́ wò nìyẹn. Arúgbó tí ò pa ọmọ jẹ, ta ni yóò ra kásẹ́ẹ̀tì rẹ̀?"

Nígbà tí wọn ò rí ọ̀dà pupa fi ṣe ẹ̀jẹ̀, Ìyá Àgbà fúnra rẹ̀ ló bù wọ́n ní epo tó ń tà. Ó gbé igbá sẹ́nu, epo ń kán sí i láyà, ó pariwo, "Ọmọ yìí ti di tèmi!" Gbogbo wọn pàtẹ́wọ́. Adédoyin náà sọ tirẹ̀: "Mọ́mì, ẹ gbà mí o!" Ó parí. Gbólóhùn kan péré.

Nígbà tí kásẹ́ẹ̀tì jáde, Ìkọ̀lé wò ó títí téèpù fi fẹ́ẹ̀ já. Àwọn ọmọ ilé ìwé ń pe Adédoyin ní "sítáà", inú rẹ̀ ń dùn ṣìnkìn. Ṣùgbọ́n lọ́jà, àwọn oníbàárà ń yẹra fún epo Ìyá Àgbà bí ẹni tó rí ejò.

"Kí n ra epo lọ́wọ́ yín kẹ̀?" ni obìnrin kan wí. "Ojú mi báyìí ni mo fi rí ohun tó wà nínú igbá yín!"

"Epo yìí náà ló wà níbẹ̀!" Ìyá Àgbà dáhùn.

"Ẹ gbọ́ o! Ó ti jẹ́wọ́!"

Ìyá Àgbà fi ọ̀rọ̀ náà ṣe ẹ̀rín. Ẹ̀rín tán lọ́jọ́ tí èéyi pa ọmọ Bímpé, aládùúgbò wọn. Èéyi ti wà ládùúgbò látìgbà ọyẹ́, ṣùgbọ́n ta ló fẹ́ gbọ́ ọ̀rọ̀ èéyi? Èrò ya dé ẹnu ọ̀nà wọn. Bímpé gbé ọwọ́ lé orí, ó ń sunkún.

"Ó ní ọmọ ti di tòun! Gbogbo wa la gbọ́ ọ!"

Ìyá Àgbà yíjú sí Adédoyin. "Doyin, ùwọ lo mú wọn wá sí ulé mi. Sọ fún wọn."

Gbogbo ojú já lé e lórí. Sìkírátù ọ̀rẹ́ rẹ̀ fà á láṣọ. "Má dá sí i o," ló rọra wí. "Wọ́n á ní ó ti fún ìwọ náà ní àjẹ́ jẹ."

Adédoyin tẹjú mọ́lẹ̀, ó dákẹ́.

Ìyẹn ti tó fún wọn. Wọ́n da epo Ìyá Àgbà sí gọ́tà. Àwọn ẹbí ní kó lọ máa gbé lọ́dọ̀ àbúrò rẹ̀ ní Ìfiṣin, kí ọ̀rọ̀ lè tutù. Kásẹ́ẹ̀tì ti dé Ìfiṣin ṣáájú rẹ̀.

Nígbà tí ilé ìwé gba ọlidé, Adédoyin lọ bá a. Ìyá ti gbẹ. Adédoyin kúnlẹ̀, omijé ń dà lójú rẹ̀.

"Ẹ dárí jì mí, mà. Màá dìde ní ṣọ́ọ̀ṣì, màá sọ fún gbogbo wọn pé fíìmù ni."

Ìyá Àgbà wò ó títí. "Ó dá ọ lójú?"

"Kí ni, mà?"

"Pé fíìmù ni. Gbogbo ayé ò lè parọ́ mọ́ mi, Doyin. Bóyá mò ń lọ lójú oorun tí n ò mọ̀. Bóyá èmi ni mo pa ọmọ Bímpé."

"Ìyá Àgbà, èéyi ni!"

"Mo ti jẹ́wọ́ fún àwọn ará ibí lánàá."

Síbẹ̀, nígbà tó padà dé Ìkọ̀lé, Adédoyin dìde ní ṣọ́ọ̀ṣì, ó sọ òótọ́ láìfi ohun kan pamọ́. Ìjọ mi orí, àánú rẹ̀ ṣe wọ́n. "Ọmọ dáadáa ni," ni wọ́n ń wí. "Ó fẹ́ràn ìyá rẹ̀. Ṣùgbọ́n ìyá ti fẹnu ara rẹ̀ jẹ́wọ́ ní Ìfiṣin."

Kí ọdún tó yí, Ìyá Àgbà kú. Adédoyin nìkan ló bá àwọn tó gbẹ́ sàréè dúró níbẹ̀.

Ẹ̀yin ọ̀dọ́, bí àwòrán bá ń sọ ohun kan náà fún wa lójoojúmọ́, ẹ jẹ́ ká bi í pé ta ló rán an, kí ni ẹni náà sì ń rí jẹ níbẹ̀. Bí a bá sì mọ òótọ́, ká sọ ọ́ lọ́jọ́ tí wọ́n bi wá. Àwọn àgbà ní bí irọ́ bá lọ fún ogún ọdún, ọjọ́ kan ṣoṣo ni òótọ́ yóò bá a. Bóyá. Ṣùgbọ́n ẹni tí irọ́ ti sin kì í rí ọjọ́ náà.