Àmì Kan Lórí Ẹ̀wà

Orí àpótí ló ti kọ́kọ́ rí ọmọbìnrin kan, eérú lẹ́rẹ̀kẹ́, tó gbá ìgò ẹ̀wà dúdú kan mọ́yà bí ẹni gbé ọmọ. Ọ̀dọ́kùnrin náà, tí gbogbo àdúgbò ń pè ní Akọ̀wé Irúgbìn, dúró lẹ́nu ọ̀nà pẹ̀lú irúgbìn tuntun tí ìjọba ní kó pín. Ó gbàgbé iṣẹ́ tí wọ́n rán an.

"Ìjọba ní ká má gbin ti àtijọ́ mọ́," ló wí nígbà tí ẹnu rẹ̀ ṣí.

"Ẹ̀wà ìyá ìyá mi ni. Ìgò kan yìí ló kù. Ẹ bá mi kí ìjọba."

"Eérú ńkọ́?"

"Òun ni kì í jẹ́ kí kòkòrò jẹ ẹ́."

"Èmi kì í ṣe kòkòrò o, Adúmáadán."

"A ò tíì mọ̀."

Láti ọjọ́ náà, kò sí ibi tí Akọ̀wé ń lọ tí kì í gba iwájú ilé wọn.

Òjò kọ̀, kò rọ̀ dáadáa. Irúgbìn tuntun gbẹ mọ́lẹ̀, oúnjẹ wọ́n bí ojú. Bàbá ọmọbìnrin náà, bíríkìlà tí kò ríṣẹ́ ṣe mọ́, tẹjú mọ́ ìgò. "Ebi kì í wọnú kí ọ̀rọ̀ mìíràn wọ̀ ọ́," ló wí. "Lọ́la, a ó sè é." Ọmọ rẹ̀ sunkún títí ojú rẹ̀ fi wú.

Akọ̀wé gbọ́, ó sáré tọ ọ̀gá rẹ̀ lọ. Ó bẹ̀ ẹ́ títí ó fi gbà: ilé irúgbìn ìjọba á tọ́jú ẹ̀wà náà, wọ́n á sì fi àpò ìrẹsì méjì rọ́pò rẹ̀, bí bàbá bá fọwọ́ sí ìwé. Ìkánjú kò jẹ́ kí Akọ̀wé rántí àmì ohùn nígbà tó ń kọ ìwé náà.

Bàbá fi awò sójú, ó kà á sókè: "Mo fẹ́ gba ẹwà ilé yín, kó má baà parun. N ó tọ́jú rẹ̀ títí ayé." Ó yọ awò. "Ẹwà ilé mi! Ọmọ mi kan ṣoṣo! Ta ló sọ fún ọ pé ó fẹ́ parun? Ìwé lo fi ń tọrọ ìyàwó, ṣé o ò lẹ́bí ni?"

Akọ̀wé fa bíró yọ. Àmì kan péré ló kù kí ọ̀rọ̀ náà di ẹ̀wà tí à ń jẹ. Ó wo ọmọbìnrin náà. Ọmọbìnrin fọwọ́ bo ẹnu, ẹ̀rín fẹ́ pa á, ṣùgbọ́n kò sọ pé rárá. Akọ̀wé dá bíró padà sápò.

"Méjèèjì ni, Bàbá, ẹ̀wà àti ẹwà. Mo nífẹ̀ẹ́ ọmọ yín gan-an."

"Ẹ fọwọ́ sí i, Bàbá mi," ni ọmọ wí.

Òjò díẹ̀ yẹn náà ni ẹ̀wà dúdú fi so jìngbìnnì lóko ilé irúgbìn, ìjọba sì yọ̀ǹda pé kí àwọn àgbẹ̀ máa gbìn ín.

Lọ́jọ́ ìgbéyàwó, bàbá gbé ìgò kíkún lé ọkọ ọmọ rẹ̀ lọ́wọ́. "Gba ẹ̀wà." Ó fa ọmọ rẹ̀ lé e lọ́wọ́ kejì. "Gba ẹwà. Ọ̀kan ṣoṣo ni kí o sè o!"

"Ọ̀kankan ò ṣeé sè," ni ìyàwó fèsì. "Irúgbìn ni àwa méjèèjì."