Ìlà Aláìlórúkọ Lára Ògiri Bàbá Chandu

"Má fi ìka yẹn nu nǹkan kan o!" Jisna sọ ọ́ sí Nimisha létí. "Tí oje yẹn bá nù kúrò, tàdáwà wọn máa mú ẹ lọ́wọ́, ó di oṣù méjì kó tó lọ."

Nimisha na ìka ọwọ́ òsì rẹ̀ síwájú bí ẹni tí agbọ́n ta. Oje ìbẹ́pẹ tútù ni ọ̀rẹ́ rẹ̀ fi pa á yí èékánná ká, ó sì ti ń yún un. Gbogbo ọ̀dọ́ ìlú Puthenkadavu ló gbà pé bí tàdáwà ìdìbò bá bà sórí oje ìbẹ́pẹ, ọṣẹ lásán á fọ̀ ọ́ kúrò. Ta ló ti dán an wò? Kò sẹ́ni tó mọ̀ ọ́n.

Ìlà àwọn obìnrin gùn láti ẹnu ọ̀nà ilé ẹ̀kọ́ dé ìdí igi máńgòrò. Ọmọ ọdún mẹ́tàdínlógún ni Nimisha, òfin sì ní kò tíì tó dìbò. Ṣùgbọ́n káàdì ìdìbò Nikhila, ẹ̀gbọ́n rẹ̀ tó ń ṣiṣẹ́ ní Dubai, ló wà ní àtẹ́lẹwọ́ rẹ̀. Ojú àwọn méjèèjì jọra débi pé ìyá wọn gan-an máa ń ṣi wọ́n pè.

Prajeesh, ẹ̀gbọ́n Jisna, ló gbé ọ̀rọ̀ náà wá láàárọ̀ àná. Òun ni olórí àwọn ọ̀dọ́ ẹgbẹ́ òṣèlú Ọkọ̀ Ojú Omi, tó ń bá ẹgbẹ́ Agboòrùn du ipò.

"Ibò kan péré ni mò ń bẹ̀ ẹ́," ó ní. "Ká ní Nikhila wà nílé, ta ni ì bá dìbò fún? Ṣé àwọn Agboòrùn ni?"

"Rárá o."

"Ẹ̀n-ẹ́n! Ṣebí o kàn ń bá ẹ̀gbọ́n ẹ jẹ́ iṣẹ́ ni. Ṣé ìyẹn náà ni wọ́n ń pè ní olè?"

"Tí wọ́n bá mú mi ńkọ́? Ọjọ́ Sátidé ni ìdánwò ìwọlé àwọn nọ́ọ̀sì. Ẹ mọ̀ pé ọdún méjì ni mo ti ń kàwé fún un."

Prajeesh rẹ́rìn-ín. "Ta ló fẹ́ mú ẹ? Bàbá àgbà ẹ ló jókòó síbẹ̀ bí aṣojú ẹgbẹ́ wa!"

"Ẹ fi í sílẹ̀, bọ̀ọ̀dá," Jisna ní, ó yọ ṣùtì. "Ojo ni. Èmi ló yẹ kí n jọ Nikhila."

Nimisha ì bá kọ̀ jálẹ̀, àfi ìgbà tí Prajeesh dárúkọ afárá. Láti ọjọ́ tí aláyé ti dáyé ni àwọn ọmọ ìhà ìwọ̀ oòrùn ti ń fi ọkọ̀ kékeré sọdá odò lọ sílé ìwé. Ní ìgbà òjò tó kọjá, ọkọ̀ náà dà. Wọ́n rí ọmọ mọ́kànlá yọ. Wọn kò rí Anju, àbúrò Jisna, àfi lọ́jọ́ kẹta. Ọdún kẹwàá rèé tí ẹgbẹ́ Agboòrùn ti wà lórí àga, wọn ò gbé òkúta kan sétí odò. Ẹgbẹ́ Ọkọ̀ ní bí àwọn bá wọlé, afárá ni iṣẹ́ àkọ́kọ́. Nígbà tí Nimisha wo ojú Jisna, tó rí i pé ẹ̀rín ti kúrò níbẹ̀, ọkàn rẹ̀ yí padà. Ó ní òun á ṣe é.

Ohun kan tún wà tó ń tì í láti ẹ̀yìn, ògiri bàbá àgbà rẹ̀ ni. Ẹni tó bá fẹ́ mọ ìtàn àgbègbè ìdìbò Puthenkadavu kì í lọ sí ọ́fíìsì ìjọba. Ṣọ́ọ̀bù tíì Bàbá Chandu, bàbá àgbà Nimisha, ni yóò lọ. Láti ọdún 1957 ni wọ́n ti ń fi ọ̀dà pupa kọ ọ́ sára ògiri níbẹ̀: ọdún, ẹni tó wọlé sílé aṣòfin ìpínlẹ̀, ẹni tó já, àti iye ibò tó wà láàárín wọn. Bí àwọn ọkùnrin bá ń jiyàn lórí tíì àti àkàrà, Bàbá á kàn fi ṣíbí tọ́ka sí ògiri, iyàn á parí. Ìlà kan ṣoṣo ni kò pé. Ọdún 1980 ni. "Ibò mẹ́sàn-án" nìkan ló wà níbẹ̀, orúkọ ẹni tó wọlé kò sí. Bí ọmọdé bá béèrè, Bàbá á ní, "Ọ̀dà ló tán." Ọ̀dà wo ló ń tán fún ogójì ọdún? Ibò mẹ́sàn-án! Bí ibò ṣe ṣe iyebíye tó nìyẹn, Nimisha rò, òun náà á sì fi tirẹ̀ kún un.

"Ẹni tó kàn!"

Nimisha wọlé. Nínú yàrá náà, àwọn aṣojú ẹgbẹ́ jókòó sórí bẹ́ǹṣì kan náà. Bẹẹran Máàsítà, olùkọ́ tó ti fẹ̀yìn tì, ló jókòó fún Agboòrùn. Bàbá Chandu jókòó lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, ìwé orúkọ olùdìbò lórí itan rẹ̀, ó tẹrí ba, ó ń fi pẹ́ńsùlù fàlà. Akọ̀wé gba káàdì lọ́wọ́ Nimisha, ó wo àwòrán, ó wo ojú rẹ̀. Ó ké orúkọ síta gẹ́gẹ́ bí òfin ti wí.

"Nọ́ńbà irinwó ó lé méjìlá! Nikhila!"

Bàbá Chandu gbé orí sókè.

Ojú wọn ṣe mẹ́rin. Bẹẹran Máàsítà yọ awò ojú, ó nù ún, ó tún fi í sójú, ó fún ojú pọ̀. "Ọmọ Chandu nìyí," ó kùn, "ṣùgbọ́n èwo nínú wọn?" Kò dá a lójú, kò sì ta kò ó.

Àwọn tó wà lójú fèrèsé lóde, Prajeesh wà láàárín wọn, ń rẹ́rìn-ín músẹ́. Ó ti tán nìyẹn. Akọ̀wé kejì ti gbé igi tàdáwà. Nígbà náà ni Bàbá Chandu ti ọwọ́ bọ àpò ẹ̀wù rẹ̀. Ó yọ owó ẹyọ rúpíì méjì, ó gbé e kalẹ̀ níwájú ọ̀gá ibùdó ìdìbò.

"Mo ta kò ó," ó ní. "Kì í ṣe Nikhila nìyí."

Ariwo sọ lójú fèrèsé. "Bàbá! Ẹgbẹ́ wa ni o! Ọmọ yín ni o! Ṣé orí yín pé ṣá?" Ẹni tó bá fẹ́ ta ko olùdìbò gbọ́dọ̀ san rúpíì méjì, gbogbo ayé mọ ìyẹn. Ṣùgbọ́n ta ló rí i rí kí ènìyàn san án lórí ọmọ ọmọ ara rẹ̀?

Ọ̀gá ibùdó kọjú sí Nimisha. "Ọmọ mi, fara balẹ̀ dáhùn. Ṣé ìwọ lo ni káàdì yìí?"

Bó bá ní bẹ́ẹ̀ ni, ọ̀rọ̀ á di tirẹ̀ àti ti bàbá àgbà. Wọ́n á pe bàbá ní òpùrọ́ níwájú gbogbo ìlú. Nimisha wo owó ẹyọ náà. Omi bọ́ lójú rẹ̀.

"Rárá, sà. Ẹ̀gbọ́n mi ló ni ín. Nimisha ni mí, mi ò tíì pé ọdún méjìdínlógún."

Ọ̀gá ibùdó dá rúpíì méjì padà fún Bàbá Chandu, nítorí àtakò rẹ̀ jóòótọ́. Ó fa Nimisha lé ọlọ́pàá lọ́wọ́. Nígbà tí wọ́n béèrè ẹni tó rán an, Prajeesh ní òun kò bá a sọ̀rọ̀ kankan rí. Wọ́n gba ọ̀rọ̀ ẹnu Nimisha sílẹ̀, wọ́n ní kó padà wá láàárọ̀ ọjọ́ Sátidé. Nítorí pé ó jẹ́wọ́, tí kò sì tíì tẹ ẹ̀rọ ìdìbò, ìkìlọ̀ ni wọ́n fi dá a sílẹ̀ lọ́jọ́ náà. Ṣùgbọ́n nígbà tó fi jáde ní àgọ́ ọlọ́pàá, ìdánwò ti parí. Ọdún kan gbáko ló fò lọ bẹ́ẹ̀.

Ẹgbẹ́ Ọkọ̀ fi ibò mọ́kànlélọ́gbọ̀n já. Kò sẹ́ni tó wá mu tíì ní ṣọ́ọ̀bù Bàbá Chandu mọ́. Jisna ń kọjá, kò wo apá ọ̀dọ̀ wọn.

Ní ọ̀sẹ̀ kejì, Bàbá Chandu gbé ọ̀dà pupa jáde. Ó kọ ìlà tuntun náà tó péye: ọdún, orúkọ, iye ibò. Lẹ́yìn náà ó na búrọ́ọ̀ṣì sí Nimisha.

"Bàbá àgbà, ṣé ẹ̀ ń bínú sí mi?"

"Ara mi ni mo ń bínú sí." Ó jókòó sórí àpótí. "Ní 1980, àwa mọ́kànlá la dìbò lórúkọ àwọn òkú. Mo ṣì rántí orúkọ òkú tèmi. Ambu, ọ̀rẹ́ mi, tó ń bá ẹgbẹ́ wa du ipò, ló já. Ibò mẹ́sàn-án ló fi já. Títí ó fi kú ló ń wá mu tíì níbí láràárọ̀, á kí mi, á bi mí bóyá mo sùn dáadáa. Mi ò sùn dáadáa, Nimisha. Mo rí i tí o fẹ́ jogún àìsùn yẹn, ni mo ṣe yọ rúpíì méjì."

"Àti afárá ńkọ́? Àti Anju?"

"Afárá yẹ ká ní in. A ó máa béèrè rẹ̀ lójú gbogbo ayé, a ó máa dìbò nítorí rẹ̀ pẹ̀lú orúkọ ara wa. Bí irọ́ bá lọ fún ogún ọdún, ọjọ́ kan ni òtítọ́ á bá a. Tèmi gba ogójì, ó sì bá a." Ó tọ́ka sí ìlà 1980. "Ó yá, kọ ọ́."

"Orúkọ ta ni kí n kọ?"

"Tèmi. Kọ ọ́ kó tóbi, kí ẹni tó ń bọ̀ láti etí odò lè kà á."

Ìka tí oje ìbẹ́pẹ bó lára ṣì ń ta Nimisha. Ó kọ ọ́ lẹ́tà lẹ́tà, arúgbó náà sì ń wò ó títí ó fi parí: *Chandu jí ibò kan*.

Láàárọ̀ ọjọ́ kejì, Bẹẹran Máàsítà dúró síwájú ògiri náà pẹ́. Ó yọ awò ojú rẹ̀, ó nù ún. Ó wọlé, ó jókòó, ó sì ní kí wọ́n bu tíì fún òun. Nimisha ló gbé e fún un. Ó ti mọ̀ báyìí pé ibò tí a jí kì í gbé wa dé etí odò kejì, ẹ̀rí ọkàn ẹni ló máa ń dà sómi.