Ìjàpá Òkun Tí Bàbá Dókítà Ẹja Rò Pé Ó Ti Kú

Ẹ wo bàbá yìí bó ṣe ń fa ọkọ̀ ojú omi rẹ̀ gòkè ní kùtù hàì, tó ń wo ọ̀tún, tó ń wo òsì bí ẹni tó jí adìẹ. Apẹja ni láti kékeré. Bàbá Dókítà Ẹja ni gbogbo àdúgbò ń pè é, torí ọmọ rẹ̀ obìnrin kàwé débi pé iṣẹ́ rẹ̀ ni láti máa dáàbò bo àwọn ẹ̀dá inú òkun tó ń tán lọ.

Ọmọ yìí kan náà ló ti kìlọ̀ pé òfin kò gbà kí ẹnikẹ́ni dẹ àwọ̀n sítòsí iyanrìn tí ìjàpá òkun ń yé ẹyin sí, títí oṣù ìyéyin yóò fi parí. Bàbá ní òun gbọ́. Àmọ́ ẹja pọ̀ níbẹ̀ bí eéṣú, ló bá yọ́ lọ dẹ ẹ́.

Ìjàpá òkun ńlá kan ló wé mọ́ àwọ̀n náà. Kò mira. Irin pélébé tó ní nọ́ńbà wà lápá rẹ̀.

"Yéè!" ni ìyàwó bàbá, tó wá pàdé rẹ̀ létí òkun, ké. "Ṣebí èyí tí ẹ bá Dókítà di apá rẹ̀ mú lọ́jọ́sí, tó fi so irin mọ́ ọn nìyí?"

"Òun ni. Ó ti kú. Bá mi gbé e, ká tètè jù ú sómi kí ọmọ yẹn tó dé. Ojú wo ni mo fẹ́ fi wò ó?"

Wọ́n ti gbé e dé etí omi nígbà tí ohùn kan dún lẹ́yìn wọn.

"Bàámi, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má jù ú sómi o!"

Bàbá yíjú padà. "Ọmọ mi, ó kàn wá kí mi ni."

"Ó wá kí yín tòun tàwọ̀n lọ́rùn?"

Ìyá bú sẹ́rìn-ín, ó sì yára fọwọ́ bo ẹnu.

Dókítà kúnlẹ̀, ó fi ìka kan ìpénpéjú ìjàpá náà fẹ́ẹ́rẹ́. Ìpénpéjú ọ̀hún mì.

"Kò tíì kú. Afẹ́fẹ́ ló ń mí bíi tiwa. Àwọ̀n kò jẹ́ kó gòkè wá mí, ló fi dákú. Tí ẹ bá jù ú sómi báyìí, ìgbà yẹn gan-an ló máa kú."

Wọ́n gé àwọ̀n kúrò lára rẹ̀, wọ́n fi àyà rẹ̀ lélẹ̀ lábẹ́ ibòji, wọ́n fi pákó gbé ìdí rẹ̀ sókè kí omi lè ṣàn jáde. Ìyá fi aṣọ ìnura tútù bo ẹ̀yìn rẹ̀.

"Òògùn ńkọ́?" ni bàbá bi í. "Irú dókítà wo lèyí?"

"Sùúrù ni òògùn rẹ̀, Bàámi. Ó lè gba odindi ọjọ́."

Bàbá kò yẹsẹ̀. Ó ń bu omi òkun wọ́n aṣọ náà, ó ń bẹ ìjàpá náà: "Ìyá àgbà, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má dójú tì mí níwájú ọmọ mi."

Nígbà tí oòrùn ń rọlẹ̀, ìyá àgbà gbé orí, ó mí kanlẹ̀. Bàbá nu ojú.

"Omi òkun ló ta sí mi lójú."

"Kò sẹ́ni tó bi yín, Bàámi," ni Dókítà wí, ó sì dì mọ́ ọn.

Nígbà tí ara ìjàpá náà le dáadáa, wọ́n sìn ín dé etí omi. Láti ọjọ́ náà, tí apẹja kan bá ti fẹ́ yà síbi iyanrìn ìyéyin náà, bàbá ló ń pariwo: "Ẹ kúrò níbẹ̀! Ìyá àgbà ń rọbí!"

Ẹ̀yin apẹja wa, ẹ má dẹ àwọ̀n síbi tí òfin ti kọ̀ ọ́. Bí ìjàpá òkun bá kó sínú àwọ̀n yín tí kò mira, ẹ má tà á, ẹ má sì jù ú sómi. Ẹ gbé e síbòji, kí àyà rẹ̀ wà nílẹ̀, kí ìdí rẹ̀ ga díẹ̀. Ẹ fi aṣọ tútù bo ẹ̀yìn rẹ̀, ẹ má bo imú rẹ̀, kí ẹ sì pe àwọn tó ń ṣọ́ òkun. Bí ojú bá tilẹ̀ ń tì yín, ẹ pè wọ́n. Bàbá Dókítà Ẹja ní ká sọ fún yín pé ojú ti òun náà lọ́jọ́ náà, kò pa òun. Ká ní òun jù ú sómi torí ìtìjú ni, Ìyá àgbà ni ìbá pa.